Àyè Tí Mo Tọrọ ní Takon

Ẹ̀gbọ́n mi àtàtà, Ìyá Ràfíù, ẹ kú ilé o, ẹ kú ojú lọ́nà, ẹ sì kú ìfaradà ẹsẹ̀ dídùn. Láti Pobè níhìn-ín, ní ilẹ̀ Benin, ni mo ti dọ̀bálẹ̀ gbalaja níwájú yín. Orúnkún mi kò gbà mí láyè láti ṣe é ní ti gidi, ṣùgbọ́n ẹ̀yin náà mọ̀ pé láti kékeré ni mo ti máa ń fi ẹnu dọ̀bálẹ̀. Mo kí Baálé ilé wa ní Ìsẹ́yìn. Mo kí àwọn ìyàwó ilé, àgbà àti kékeré. Mo kí àwọn tó ń hun òfì lábẹ́ àtíbàbà, àti àwọn ọmọ tí wọ́n ń pè mí ní Bàbá Kútọnu. Ẹ sọ fún wọn pé mi ò gbé Kútọnu rí láyé mi. Tí mo bá dé Kútọnu, ńṣe ni mo máa ń di Ṣíkírá ọmọ mi lọ́wọ́ mú kí mọ́tò má baà gbá mi.

Ẹ má bínú pé inú ìwé ìròyìn ni lẹ́tà yìí ti bá yín. Ràfíù ló fà á. Òun ló ń ka lẹ́tà mi fún yín, a sì máa fi ti ara rẹ̀ kún un. Èyí tí mo kọ kẹ́yìn, tí mo ní ikọ́ ń ṣe mí, wọ́n ní ó kà á fún yín pé mo ní kó máa lo yàrá mi. Kó ka èyí náà, gbogbo ìlú á máa gbọ́. Ìdí kejì ni pé àwọn kan nínú ẹbí ń sọ pé àwọn àna mi ti fi oògùn dè mí mọ́lẹ̀ síbí. Mo fẹ́ kí àwọn náà kà á. Àwọn àna mi kò ní oògùn kankan. Bí wọ́n bá ní in ni, wọn ì bá ti fi lé mi lọ.

Iṣẹ́ ń lọ, ó ń rọra lọ bí èmi náà. Àgádágodo ni mo ṣì ń tà lọ́jà Pobè, èyí tí àwọn ará ibí ń pè ní kadená, pẹ̀lú tọ́ọ̀ṣì àti bátìrì. Ọyẹ́ ti dé. Tó bá di àárọ̀, eruku pupa á ti bo ọjà mi débi pé mi ò ní mọ èyí tó dúdú yàtọ̀ sí èyí tó funfun, àwọn ọ̀pẹ tó yí ìlú ká á sì dà bí àgbà tó ta aṣọ borí. Nǹkan díẹ̀ tí mo fi rán dẹ́rẹ́bà sí yín, ẹ fi ra àdín àti ohun tẹ́nu ń jẹ. Ẹ má kà á lójú èèyàn.

Ilé ló ṣòro. Ẹ̀yin mọ̀ mí, mi ò lè gbé láìní ẹni tí mo ń yọ lẹ́nu. Láti ìgbà tí Àbẹ̀ní ìyàwó mi ti kú, tí mo bá rí ohun tó pa mí lẹ́rìn-ín lọ́jà, màá gbé e délé, màá ṣílẹ̀kùn, màá sì gbé e dúró lẹ́nu ọ̀nà bí ẹni tó ru ẹrù tí kò rí ẹni bá a sọ̀ ọ́.

Ẹ̀gbọ́n mi, mo gba iṣẹ́ tí ẹ rán dẹ́rẹ́bà sí mi. Ó jẹ́ ẹ bí ẹ ṣe rán an, kò rẹ́rìn-ín, ìyẹn ni mo fi mọ̀ pé ọ̀rọ̀ ńlá ni. Ẹ ní Ìyá wa wá sójú àlá yín. Ẹ ní ó jókòó sẹ́nu ọ̀nà yàrá rẹ̀ àtijọ́, nínú òfì aláró rẹ̀, ó ń fi ọwọ́ gbá ilẹ̀ ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ pẹ́pẹ́, bó ṣe máa ń ṣe tó bá fẹ́ kí ọmọ wá jókòó, ó sì ń bèèrè pé Lámídì dà. Ẹ ní àyè tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ sàárè rẹ̀ ni ẹ fi sílẹ̀ fún mi láti ọjọ́ pípẹ́. Ẹ ní kí n máa bọ̀ nílé níwọ̀n ìgbà tí mo ṣì lè fi ẹsẹ̀ ara mi rìn, kí n má jẹ́ kí wọ́n gbé mi wá.

Mo gbọ́. Ọ̀rọ̀ yẹn wọ̀ mí dé eegun. Mo ti ilé ìtajà ní ọjọ́ yẹn kí oòrùn tó wọ̀. Ilé ni àbọ̀ sinmi oko, òótọ́ ni. Ṣùgbọ́n ẹni tó pẹ́ lóko tó bí èmi, tó bímọ lóko, tó sì sin ìyàwó lóko, ẹ bá mi wò ó, ibo gan-an ni ilé rẹ̀?

Ẹ̀yin tí ẹ ò mọ Àbẹ̀ní, ọmọ Takon ni, lábẹ́ Sakété. Epo pupa ló ń tà nígbà tí mo kọ́kọ́ rí i. Ọmọ ìjọ Kátólíìkì ni, èmi ń kírun, a ò fi ìyẹn jà rí. Oúnjẹ là ń fi jà. Nígbà tó kú ní Pobè, àwọn ènìyàn rẹ̀ gbé ọkọ̀ wá, wọ́n gbé e lọ sí Takon. Àṣà wọn nìyẹn: obìnrin lè lo gbogbo ọjọ́ ayé rẹ̀ lọ́dọ̀ ọkọ, ilé bàbá rẹ̀ ló máa sùn sí. Wọ́n sin ín sẹ́yìnkùlé, lábẹ́ igi ọsàn, wọ́n fi kárò funfun, èyí tí ẹ̀yin ń pè ní táìlì, tẹ́ ojú oórì rẹ̀. Wọ́n tọ́jú rẹ̀ dáadáa, mi ò lè purọ́ mọ́ wọn.

Gbogbo ọjọ́ Jímọ̀ ni mo máa ń gun zẹ́mì, ọ̀kadà àwọn ará ibí, láti Pobè lọ sí Sakété. Màá kírun níbẹ̀, màá sì gba Takon lọ. Ẹni tó ń gbé mi máa ń bi mí pé Bàbá, ṣé ọ̀rẹ́bìnrin lẹ ń lọ wò ní Takon, mo ní bẹ́ẹ̀ ni, ó sì máa ń dúró dè mí dáadáa, kì í kúrò níbi tí mo bá fi í sí. Tí mo bá dé, màá jókòó lẹ́gbẹ̀ẹ́ kárò yẹn, màá sọ gbogbo ohun tó ṣẹlẹ̀ láàárín ọ̀sẹ̀ fún un. Ẹni tó bá ẹnì kejì jà lọ́jà. Iye tí wọ́n ń ta ẹja báyìí. Bí ìyàwó aládùúgbò wa ṣe sanra. Màá sọ fún un pé ọbẹ̀ ilé wa ti dùn láti ìgbà tí kò sí níbẹ̀ mọ́, kó lè bínú.

Ẹ̀gbọ́n mi, mo ti bi àwọn tó mọ̀wé nípa èyí. Àlùfáà wa ní Sakété ní kí n máa sálámà sí àwọn ará sàárè, kí n ṣe àdúà fún wọn, kí n sì dìde. Ó ní ìròyìn ẹja kò sí nínú rẹ̀. Katakísì tó ń kọ́ wọn ní ṣọ́ọ̀ṣì Àbẹ̀ní ní ọkàn rẹ̀ wà lọ́dọ̀ Ọlọ́run, kì í ṣe lábẹ́ kárò, àmọ́ kí n máa tan àbẹ́là fún un ní ọjọ́ tí wọ́n ń rántí àwọn òkú. Mo dúpẹ́ lọ́wọ́ àwọn méjèèjì. Èmi kò kàwé dé ibi tí wọ́n kà á dé. Àgádágodo nìkan ni mo mọ̀. Ohun tí mo sì mọ̀ nípa rẹ̀ ni pé mo ti ti ilẹ̀kùn tó le, mo ti ti èyí tó nípọn, mi ò tíì rí ilẹ̀kùn tí a tì tí ẹni tó wà nínú ilé kò gbọ́ ohùn ẹni tó wà níta. Ara ni àgádágodo ń dá dúró.

Ohun kan ṣoṣo ló ń dùn mí. Ìyá wa ń wá sójú àlá yín, ẹ̀yin tí ẹ máa ń hanrun débi pé mi ò mọ bí òkú ṣe ń rí ọ̀rọ̀ sọ láàárín rẹ̀. Àbẹ̀ní kò wá sójú àlá mi rí. Kò wá lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo.

Nígbà tí iṣẹ́ yín dé, mo mọ̀ pé mo gbọ́dọ̀ pinnu. Mo wá lọ sí Takon, mo sì tọrọ ohun tí ẹnìkan kò tọrọ rí ní ilé yẹn. Mo ní kí wọ́n fún mi láyè lẹ́gbẹ̀ẹ́ Àbẹ̀ní, kí wọ́n sin mí síbẹ̀ tí ọjọ́ mi bá pé.

Ẹ̀gbọ́n Àbẹ̀ní, Bàbá Onọrẹ, olórí ẹbí wọn, wò mí títí. Ó ní láti ìgbà tí wọ́n ti tẹ ilé yẹn dó, ọkọ ọmọ wọn kankan kò tíì sùn sínú ilẹ̀ àna rẹ̀. Ó ní ọkùnrin ló ń gbé obìnrin, ó wá bi mí pé ṣé èmi fẹ́ kí obìnrin gbé mi ní ọjọ́ alẹ́ mi. Ó ní bó bá jẹ́ bẹ́ẹ̀, ta ni wọ́n máa gbé ìdáná mi fún, ṣé Ìsẹ́yìn ni wọ́n máa ru iṣu lọ. Gbogbo ilé rẹ́rìn-ín. Mo ní kí wọ́n má ru iṣu, ẹran ni àwọn ará ilé mi fẹ́ràn. Wọ́n tún rẹ́rìn-ín. Lẹ́yìn náà ni wọ́n rí i pé mi ò dìde.

Ìyá Yoko ló gba ọ̀rọ̀ náà sọ. Àbúrò bàbá Àbẹ̀ní ni, Yoko ló ti ṣe ilé ọkọ kó tó padà wálé, òun ló sì dàgbà jù nínú wọn. Ojú rẹ̀ kò ríran dáadáa mọ́, ṣùgbọ́n etí rẹ̀ kò sùn. Ó ní ọ̀rọ̀ yìí kì í ṣe ti Onọrẹ, kì í sì í ṣe ti òun. Ó ní ẹni tó ni ibùsùn ni kí wọ́n bi bóyá ó fẹ́ alábàásùn. Ó ní kí n mú obì wá ní Jímọ̀ tó ń bọ̀, kí àwọn bi Àbẹ̀ní.

Mo mú obì lọ. Mo ra èyí tó dára jù, ó pupa, ó tóbi, mo fi ewé wé e. Ìyá Yoko gbà á, ó fi èékánná tú u, ó rí i pé awẹ́ méjì péré ló ní. Gbànja ni mo rà. Ẹ̀gbọ́n mi, ẹ̀yin mọ̀ pé gbànja là ń jẹ nílé wa, òun la sì fi ń ṣe ìsọmọlórúkọ. Gbogbo ayé mi, tí ẹnìkan bá ti ní kí n ra obì, gbànja lọwọ́ mi ń lọ bá. Ìyá Yoko ní gbànja ni àwọn dẹ́rẹ́bà ń jẹ kí wọ́n má baà sùn. Ó ní ta ló sọ fún mi pé òkú ní láti wà lójúfò. Ó ní àbàtà aláwẹ́ mẹ́rin ni òkú fi ń fèsì, ẹni tó bá bi òkú ní gbànja dà bí ẹni tó bi odi léèrè ọ̀nà. Ó sọ awẹ́ kan sẹ́nu, ó ní kí n lọ mú àbàtà wá. Mo gun zẹ́mì padà sí ọjà Sakété nínú oòrùn yẹn, orúnkún mi ń ké. Bí mo ṣe ń padà bọ̀, mo gbọ́ ẹ̀rín Bàbá Onọrẹ láti ẹnu ọ̀nà.

A lọ sí ìdí ọsàn. Ìyá Yoko da omi tútù sílẹ̀, ó pe orúkọ Àbẹ̀ní, ó pe orúkọ bàbá rẹ̀ àti ti àwọn tó ti lọ ṣáájú rẹ̀. Ó ní kí n sọ tẹnu mi. Èmi náà sọ ọ́ bí mo ṣe máa ń bá a sọ̀rọ̀. Mo ní Àbẹ̀ní, àwọn ará ilé rẹ ń bèèrè bóyá o ṣì lè fara dà mí. Mo ní kí o gbà o, nítorí bí mo bá padà sí Ìsẹ́yìn, wọ́n á fún mi ní ọmọge. Ìyá Yoko da obì sílẹ̀. Gbogbo awẹ́ rẹ̀ ló dojú délẹ̀.

Mo ní ẹ má dá a lóhùn, bẹ́ẹ̀ náà ló ṣe nígbà tí mo kọ́kọ́ tọrọ rẹ̀. Ìyá Yoko tún da obì. Awẹ́ kan ṣoṣo ló ṣíjú, mẹ́ta dojú bolẹ̀. Bàbá Onọrẹ mí kanlẹ̀, ó ní ó ti tó, ọmọ àwọn ti sọ̀rọ̀.

Ìyá Yoko kò dìde. Ó na ọwọ́, ó wá ọwọ́ mi kàn, ó dì í mú. Ó ní òun ti ń gbọ́ mi láti ọjọ́ Jímọ̀ dé ọjọ́ Jímọ̀, tí mo ń jókòó sí ìdí ọsàn tí mo ń ṣe ẹ̀fẹ̀. Ó ní òun kò bínú sí i, ẹ̀fẹ̀ dára, ó ń jẹ́ kí ọjọ́ lọ. Ṣùgbọ́n ó ní àwọn tó wà lọ́hùn-ún kò ní ọjọ́ tí wọ́n fẹ́ kó lọ. Ó ní mo ń bèèrè pé kí ló dé tí ìyàwó mi kì í wá sójú àlá mi: ṣé ẹni tí wọn kò tíì sọ fún pé àárò rẹ̀ ń sọ wọ́n ló máa wá ni. Ó ní kí n bi í ní ìbéèrè bí ẹni tó fẹ́ gbọ́ èsì.

Ẹ̀gbọ́n mi, ẹ̀yin ni ẹ pọ̀n mí, ẹ mọ̀ pé ẹnu mi kì í wá ọ̀rọ̀ tì. Ọjọ́ yẹn, ó wá a tì. Mo jókòó níbẹ̀ bí ẹni tí wọ́n gba ọjà lórí rẹ̀. Ẹ̀fẹ̀ méjì-mẹ́ta wá sẹ́nu mi, mo gbé wọn mì. Nígbà tó yá, mo sọ fún un pé ilé ti tóbi jù fún mi. Mo ní mi ò mọ ohun tó ń bẹ lọ́hùn-ún, ó ń bà mí lẹ́rù, ṣùgbọ́n ibikíbi tó bá jẹ́, ẹ̀rù rẹ̀ kò ní tó bẹ́ẹ̀ tó bá jẹ́ ohùn rẹ̀ ni mo máa kọ́kọ́ gbọ́. Mo ní irọ́ ni pé ọbẹ̀ ti dùn. Mo ní kó jọ̀wọ́, kó sún díẹ̀ fún mi.

Ìyá Yoko da obì. Méjì ṣíjú, méjì dojú délẹ̀. Ó yàn.

Wọ́n pín in fún wa jẹ. Omi jáde lójú mi, Bàbá Onọrẹ ń wò mí, mo ní àbàtà yìí mà korò o. Òun náà nu ojú rẹ̀, ó ní àbàtà tòótọ́ ni, ó korò.

Ẹ má rò pé ó parí síbẹ̀. Lẹ́yìn tí a jẹ obì tán, Bàbá Onọrẹ ní òkú ilé tàwọn ti gbà, àwọn alààyè ilé náà sì ti gbà. Ṣùgbọ́n ó ní mo ní àwọn tó bí mi. Ó ní àwọn kì í ṣe olè, àwọn kò ní gba ọmọ ọlọ́mọ sínú ilẹ̀ àwọn lẹ́yìn ìyá rẹ̀. Ó ní títí ọ̀rọ̀ fi máa wá láti Ìsẹ́yìn pé Ìyá wa yọ̀ǹda mi, ẹnìkan kò ní fi ọkọ́ kan ilẹ̀ nítorí mi ní Takon. Mo wo ojú rẹ̀, kò ṣàwàdà. Mo sì mọ̀ pé ó tọ̀nà.

Nítorí náà ni mo ṣe ń kọ̀wé sí yín. Ẹ rántí Bàbá Kùmásí, àbúrò bàbá wa, tó kú sẹ́nu òwò, tí wọn kò rí gbé wálé. Irun orí rẹ̀ àti èékánná rẹ̀ ni wọ́n kó wá sílé, wọ́n sì gbẹ́ ilẹ̀ fún un, a sunkún rẹ̀ bí ẹni pé òun gan-an ló wà níbẹ̀. Ẹ̀yin ni ẹ sọ fún mi nígbà yẹn pé òun ni, pé irun àti èékánná èèyàn mọ ọ̀nà ilé. Mi ò gbàgbé.

Mo ti gé tèmi. Onígbàjámọ̀ kò kọ́kọ́ gbà láti kó ohun tó gé fún mi, ó ní ta ni mo fẹ́ fi ránṣẹ́ sí. Mo ní ẹ̀gbọ́n mi ni. Ó ní ṣé ó dá mi lójú. Mo ní ẹni tó wẹ̀ mí nígbà tí mi ò tíì ní irun, kí ló tún fẹ́ fi í ṣe. Irùngbọ̀n ni, ẹ má wá ti orí níbẹ̀. Orí mi ti dán láti ìgbà pípẹ́. Mo mọ̀ pé a kì í rán ti alààyè kiri, ìdí nìyẹn tí mi ò fi fún dẹ́rẹ́bà. Ṣíkírá fúnra rẹ̀ ló máa gbé e wá fún yín, láti ọwọ́ rẹ̀ sí ọwọ́ yín. Aṣọ tí mo fi dì í, ẹ máa mọ̀ ọ́n: ìrépé òfì aláró Ìyá wa ni, èyí tí ẹ gé fún mi ní ọjọ́ tí mo kúrò nílé. Ẹ tọ́jú rẹ̀ sínú àpótí yín. Ẹ má tíì sin ín o, mo ṣì ń lo ìyókù.

Kó tó di ọjọ́ náà, ẹ bá mi lọ sẹ́gbẹ̀ẹ́ Ìyá. Ẹ bu omi tútù dání. Bí àwọn àlùfáà ilé bá ní obì kò tọ́, ẹ má bá wọn jà, ẹ ṣe àdúà, kí ẹ sì fi ẹnu lásán bi í. Ṣùgbọ́n bí ẹ bá máa mú obì, ẹ jọ̀wọ́, kó má jẹ́ gbànja. Ẹ sọ fún un pé Lámídì ní òun gbọ́ bó ṣe ń gbá ilẹ̀ pẹ́pẹ́. Ẹ ní kó má bínú. Ẹ ní ìdajì ara òun ń bọ̀ wá jókòó níbẹ̀, ìdajì tí kò lè sọ̀rọ̀, ó sì lè sinmi lọ́wọ́ ariwo mi. Ẹ ní ìdajì kejì ti rí ẹni tó sún fún un.

Bí ó bá sì kọ̀, ẹ bi í lẹ́ẹ̀kan sí i. Ẹ má rẹ́rìn-ín nígbà tí ẹ bá ń bi í. Títí di òní tí mo ń kọ ìwé yìí, Àbẹ̀ní kò tíì wá sójú àlá mi. Mi ò kánjú mọ́. Láti ọjọ́ yẹn, tí mo bá dé Takon, òtítọ́ kan ni mo kọ́kọ́ máa ń sọ fún un kí n tó ṣe ẹ̀fẹ̀.

Ẹ̀yin náà, mo ti ń bá yín ṣàwàdà láti ìgbà tí mo ti wà lẹ́yìn yín, ẹ ò sì gbọ́ ẹ̀bẹ̀ gidi lẹ́nu mi rí. Ó dé nìyí. Ẹ jọ̀ọ́, Ẹ̀gbọ́n mi, ẹ jẹ́ kí n sùn tì í.

Ọlọ́run á dá yín sí fún wa. Ẹsẹ̀ yín á rọ̀, ojú yín á máa ríran, ẹ ò ní fi ọwọ́ yín sin ọmọ. Ilé wa kò ní dahoro. Ẹ bá mi kí Baálé, ẹ kí gbogbo àwọn ìyàwó ilé, ẹ kí Ràfíù tó ń kà á, ẹ ní yàrá mi kì í ṣe tirẹ̀ síbẹ̀. Ṣùgbọ́n Ìyá ni kí ẹ kọ́kọ́ kí, kí ẹ tó kí alààyè kankan.

Èmi ni, Lámídì, àbúrò tí ẹ pọ̀n títí tó fi di ọmọ yín.